Ìròyìn Kò Tó Àfojúbà: Ìtàn Ìtọ́jú àti Ìṣàfihàn Fíìmù àti Ètò Tẹlifíṣàn Àtijọ́ ní Nàìjíríà

Ìfáàrà

Yorùbá bọ̀, wọ́n ní ìròyìn kò tó àfojúbà. Akẹ́kọ̀ọ́ tí ó bá ka eré Ọba Kò So láti ìbẹ̀rẹ̀ dé òpin yóò mọ ohun tí Ṣàngó sọ àti ohun tí Ọya fi dá a lóhùn. Kò ní mọ bí Dúró Ládípọ̀ ṣe ń yọ sí ojú agbo, bí ohùn rẹ̀ ṣe ń ròkè tí ó ń rodò, bí bàtá ṣe ń gba ọ̀rọ̀ lẹ́nu rẹ̀, tàbí bí àwọn òǹwòran ṣe ń hó. Ìwé kò lè gbé ìwọ̀nyí. Kọ́lá Ògúnmọ́lá di olóògbé ní ọdún 1973. Dúró Ládípọ̀ tẹ̀lé e ní ọdún 1978. Hubert Ògúndé náà sì papò dà ní ọdún 1990. Láti ìgbà náà wá, fíìmù àti téèpù ni ó kù tí ó lè fi ìrìn, ijó àti ohùn àwọn àgbà òṣèré wọ̀nyí han ọmọ tí wọn kò tíì bí nígbà ayé wọn.

Iṣẹ́ yìí yẹ ìtàn ìtọ́jú àti ìṣàfihàn fíìmù àti ètò tẹlifíṣàn àtijọ́ ní Nàìjíríà wò. Kókó tí ó dì mú ni pé ooru, ọ̀rinrin àti àìtó owó nìkan kọ́ ni ọ̀tá ohun ìtàn wọ̀nyí. Ọ̀tá tí ó burú jù lọ ni àìmọ ohun tí ó wà nínú àká. Fíìmù tí ó wà lórí pẹpẹ tí ẹnikẹ́ni kò mọ̀ pé ó wà níbẹ̀ kò yàtọ̀ sí èyí tí ó ti jóná. Nítorí náà, ìtọ́jú àti ìṣàfihàn kì í ṣe iṣẹ́ méjì tí wọ́n lè yà sọ́tọ̀ọ̀tọ̀. Ọ̀kan ni ó ń gbé èkejì ró. Iṣẹ́ yìí yóò fi hàn pẹ̀lú pé olùkọ́ ní ipa tirẹ̀ láti kó nínú ọ̀rọ̀ yìí, kì í ṣe òṣìṣẹ́ ilé tẹlifíṣàn nìkan.

Bí Fíìmù àti Tẹlifíṣàn Ṣe Dé Nàìjíríà

Ní oṣù Kẹjọ ọdún 1903 ni wọ́n kọ́kọ́ ṣàfihàn sinimá fún àwọn ará ìlú ní Glover Memorial Hall ní Èkó. Ohun ìdárayá ni nígbà náà. Kò pẹ́ púpọ̀ tí ìjọba amúnisìn fi rí i pé fíìmù lè ṣe ju ìdárayá lọ. William Sellers, tí ó jẹ́ òṣìṣẹ́ ìlera ìjọba ní Nàìjíríà, bẹ̀rẹ̀ sí í fi fíìmù kọ́ àwọn ènìyàn nípa àrùn àti ìmọ́tótó. Ọ̀kan nínú àwọn fíìmù ìgbà náà dá lórí bí wọ́n ṣe gbógun ti àjàkálẹ̀ àrùn tí eku ń tàn kálẹ̀ ní Èkó ní ọdún 1937. Nígbà tí Ogun Àgbáyé Kejì bẹ́ sílẹ̀ ní ọdún 1939, ìjọba Bírítéènì dá Colonial Film Unit sílẹ̀, Sellers sì wà lára àwọn tí ó darí rẹ̀. Ọkọ̀ tí ó ru ẹ̀rọ, aṣọ funfun àti jẹnẹrétọ̀ ni ó ń gbé fíìmù wọ̀nyí kiri àwọn ìletò. Ohun èlò iṣẹ́ ni ìjọba ka fíìmù bẹ́ẹ̀ sí, bí ọkọ́ ṣe jẹ́ ohun èlò àgbẹ̀: wọ́n ń lò ó títí yóò fi gbó.

Ti tẹlifíṣàn ní ìtàn ìṣèlú nínú. Ní ọdún 1953, lẹ́yìn àríyànjiyàn lórí ìgbà tí Nàìjíríà yóò gba òmìnira, Gómìnà John Macpherson sọ̀rọ̀ lórí rédíò, ó sì bẹnu àtẹ́ lu Olóyè Ọbáfẹ́mi Awólọ́wọ̀ àti ẹgbẹ́ Action Group. Awólọ́wọ̀ béèrè àyè láti fèsì lórí rédíò kan náà, wọn kò sì gbà fún un. Nígbà tí òfin ọdún 1954 fún ìjọba àwọn ẹkùn ní àṣẹ láti dá ilé-iṣẹ́ ìgbóhùnsáfẹ́fẹ́ tiwọn sílẹ̀, Ìjọba Ìwọ̀-Oòrùn kò fi ọ̀rọ̀ náà falẹ̀. Ní ọjọ́ 31 oṣù Kẹwàá ọdún 1959, ilé-iṣẹ́ tẹlifíṣàn WNTV bẹ̀rẹ̀ iṣẹ́ ní Agodi, Ìbàdàn. Ọmọ Yorùbá kò sì jẹ́ kí ẹnikẹ́ni gbàgbé pé òun ni wọ́n ń pè ní àkọ́kọ́ ní Áfíríkà.

Ohun tí ọ̀pọ̀ kì í sábà rántí ni pé ẹ̀kọ́ wà lára ìdí pàtàkì tí ìjọba fi dá WNTV sílẹ̀. Ètò ẹ̀kọ́ ọ̀fẹ́ tí ó bẹ̀rẹ̀ ní oṣù Kìn-ín-ní ọdún 1955 ti kó ọmọ kún ilé-ìwé, àwọn olùkọ́ tí ó kọ́ṣẹ́mọṣẹ́ kò sì tó. Ìjọba ní ìrètí pé ètò orí tẹlifíṣàn yóò ran olùkọ́ inú kíláàsì lọ́wọ́. Láti ìbẹ̀rẹ̀ pẹ̀pẹ̀ ni olùkọ́ ti jẹ́ alábàápín nínú ohun tí ilé-iṣẹ́ yìí ń ṣe.

Kò pẹ́ tí àwọn oníṣẹ́ ọnà fi gba ibẹ̀ bí ilé. Ní ọdún 1960, wọ́n gbé eré Wọlé Ṣóyínká tí àkọlé rẹ̀ ń jẹ́ My Father's Burden jáde, Ṣẹ́gun Olúṣọlá sì ni olùdarí rẹ̀. Àwọn ẹgbẹ́ òṣèré alárìnjó rí àyè láti bá ẹgbẹẹgbẹ̀rún òǹwòran pàdé láìgbé ọkọ̀ kiri. Láti ọwọ́ tẹlifíṣàn Ìbàdàn ni òkìkí Moses Ọláìyá, tí gbogbo ayé mọ̀ sí Bàbá Sàlá, ti kàn ní àárín àwọn ọdún 1960. Adébáyọ̀ Fálétí, akéwì àti òǹkọ̀wé, wà lára àwọn òṣìṣẹ́ WNTV. Ó ṣe iṣẹ́ olóòtú fíìmù àti ti olùtọ́jú láíbìrì fíìmù níbẹ̀. Èyí fi hàn pé kì í ṣe pé kò sí ẹni tí ó mọ ìwúlò ìtọ́jú láti ìbẹ̀rẹ̀. Ẹni tí ó mọ ìyì ọ̀rọ̀ àtijọ́ ni wọ́n gbé kọ́kọ́rọ́ lé lọ́wọ́.

Ìyípadà dé bá ilé-iṣẹ́ yìí nígbà tí ìjọba ológun fi òfin 24 ti ọdún 1977 kó gbogbo ilé-iṣẹ́ tẹlifíṣàn orílẹ̀-èdè yìí sábẹ́ NTA. Ní ọdún 1979, òfin mìíràn dá Nigerian Film Corporation sílẹ̀. Ìlú Jos ni olú ilé-iṣẹ́ rẹ̀ wà, abẹ́ rẹ̀ náà sì ni ilé ìtọ́jú fíìmù, fídíò àti ohùn ti orílẹ̀-èdè wà. Ní ọdún 1979 kan náà ni wọ́n dá CBAAC sílẹ̀ ní Èkó láti máa tọ́jú àwọn ohun tí ó ṣẹ́kù láti inú àjọ̀dún FESTAC ti ọdún 1977, tí fíìmù àti téèpù wà lára wọn. Bí a bá fi ojú òfin wò ó, a ó rí i pé ilé ìtọ́jú wà. Ìbéèrè tí ó kù ni bí ohun tí ó wà nínú wọn ṣe ń ṣe sí.

Ohun tí Ń Ba Fíìmù àti Téèpù Jẹ́

Fíìmù ayé ìjímìjí tí wọ́n fi nitrate ṣe a máa gbiná ní kíákíá. Èyí ni ó mú kí ilé-iṣẹ́ Kodak ṣíwọ́ ṣíṣe é ní ọdún 1951. Acetate ni ó rọ́pò rẹ̀. Acetate kì í tètè gbiná, ṣùgbọ́n ó ní àrùn tirẹ̀. Bí ooru àti ọ̀rinrin bá pọ̀ níbi tí ó wà, á bẹ̀rẹ̀ sí í tú ásíìdì jáde, á sì máa rùn bí ọtí kíkan. Lẹ́yìn náà ni yóò sún kì, tí yóò ká kò, tí àwòrán yóò sì máa bó kúrò lára rẹ̀. Ásíìdì yìí a sì máa ran fíìmù tí ó wà lẹ́gbẹ̀ẹ́ rẹ̀, bí ọsàn kan tí ó rà ṣe ń ba ọsàn inú apẹ̀rẹ̀ jẹ́. Àwọn onímọ̀ ní Image Permanence Institute ní Amẹ́ríkà ṣírò rẹ̀ pé bí fíìmù acetate tuntun bá wà níbi tí ooru kò ju ìwọ̀n 21 ti Celsius lọ, tí ọ̀rinrin afẹ́fẹ́ sì wà ní ìdá 50 nínú ọgọ́rùn-ún, nǹkan bí 40 ọdún ni yóò lò kí àrùn yìí tó mú un. Ẹni tí ó bá mọ Ìbàdàn tàbí Èkó mọ̀ pé yàrá tí kò ní ẹ̀rọ amúlétutù níbẹ̀ gbóná ju bẹ́ẹ̀ lọ, àti pé ẹ̀rọ amúlétutù kò wúlò lọ́jọ́ tí iná bá lọ.

Téèpù kò sàn ju fíìmù lọ. Ike tẹ́ẹ́rẹ́ ni téèpù, tí wọ́n fi àtè lẹ lẹ́búlẹ́bú irin mọ́ lára. Inú lẹ́búlẹ́bú yìí ni àwòrán àti ohùn wà. Bí ọ̀rinrin bá wọ inú àtè náà, téèpù á máa lẹ̀ mọ́ ẹ̀rọ, lẹ́búlẹ́bú á sì máa bó. Ohun tí ó burú ju èyí lọ ni pé téèpù kò ní ojú tí a lè fi wò ó. Ẹni tí ó bá na fíìmù sí oòrùn lè rí àwòrán kéékèèké lára rẹ̀. Ẹni tí ó bá na téèpù sí oòrùn, ike dúdú ni yóò rí. Ẹ̀rọ tí wọ́n fi gbà á nìkan ni ó lè kà á. Láti ìgbà tí téèpù oní-ínǹṣì méjì ti jáde ní ọdún 1956, U-matic ti wá ní 1971, VHS ní 1976, Betacam ní 1982, ọ̀kọ̀ọ̀kan pẹ̀lú ẹ̀rọ tirẹ̀. Ní ọdún 2016, ilé-iṣẹ́ Funai ti ilẹ̀ Japan, tí ó ṣẹ́kù nínú àwọn tí ń ṣe ẹ̀rọ VHS, dáwọ́ dúró. UNESCO àti ẹgbẹ́ IASA ti kìlọ̀ pé ohun tí wọn kò bá dà kọ sínú kọ̀ǹpútà láti orí téèpù títí di nǹkan bí ọdún 2025 lè má ṣeé gbà sílẹ̀ mọ́. Ọdún tí wọ́n dá náà ti pé.

Ṣùgbọ́n kì í ṣe gbogbo ohun tí ó sọnù ni ooru tàbí ọ̀rinrin pa. Ọwọ́ ènìyàn ni ó pa púpọ̀ nínú wọn. Ní ìbẹ̀rẹ̀ tẹlifíṣàn káàkiri àgbáyé, ọ̀pọ̀ ètò ni wọ́n ń ṣe lójú ẹsẹ̀ láìgbà á sílẹ̀ rárá. Nígbà tí téèpù dé, ó wọ́n gan-an, àwọn ilé-iṣẹ́ sì ń fi ètò tuntun lé ti àná. Àwọn àgbà òṣìṣẹ́ tẹlifíṣàn ní Nàìjíríà ti sọ ọ́ léraléra pé bẹ́ẹ̀ ni wọ́n ṣe ń ṣe. Kò yẹ kí ẹnikẹ́ni rò pé àìlajú àwọn aláwọ̀ dúdú ni ó fà á. BBC ní London, tí owó àti ẹ̀rọ rẹ̀ pọ̀ lọ́pọ̀lọpọ̀, pa ọgọ́rọ̀ọ̀rún ètò rẹ̀ rẹ́ láàárín ọdún 1967 sí 1978. Àṣìṣe ìgbà náà ni: ohun tí wọ́n ti fi hàn lánàá ni wọ́n kà sí ohun tí iṣẹ́ rẹ̀ ti parí.

Àwárí Méjì ní Ìlú Jos

Àwárí méjì tí ó ṣẹlẹ̀ ní ìlú Jos kan náà tan ìmọ́lẹ̀ sí ọ̀rọ̀ yìí ju àlàyé gbogbo lọ.

Èyí àkọ́kọ́ jẹ mọ́ eré Doctor Who ti BBC. BBC máa ń ta ẹ̀dà fíìmù eré yìí fún àwọn ilé tẹlifíṣàn òkè òkun, Nàìjíríà sì wà lára wọn. Àdéhùn ni pé bí ilé-iṣẹ́ bá ti fi í hàn tán, kí ó dá a padà, kí ó fi ránṣẹ́ sí ilé-iṣẹ́ mìíràn, tàbí kí ó bà á jẹ́. Nígbà tí ó yá, BBC fúnra rẹ̀ pa ti ọ̀dọ̀ rẹ̀ rẹ́. Ní oṣù Kẹwàá ọdún 2013, ìròyìn kàn pé Philip Morris, ọmọ ilẹ̀ Bírítéènì tí ń wá irú ètò bẹ́ẹ̀ kiri ayé, ti rí ìpín 11 nínú eré náà ní ilé tẹlifíṣàn kan ní Jos. Mẹ́sàn-án nínú wọn ni ẹnikẹ́ni kò ní mọ́ níbikíbi. Ọdún 1967 sí 1968 ni BBC kọ́kọ́ fi wọ́n hàn. Ohun tí London pa, pẹpẹ kan ní Jos ni ó gbà á là.

Èyí kejì jẹ mọ́ fíìmù Shaihu Umar, tí Adamu Halilu darí ní ọdún 1976, tí ó sì gbé karí ìwé tí Alhaji Abubakar Tafawa Balewa kọ ní èdè Hausa. Fíìmù yìí wà lára àwọn iṣẹ́ pàtàkì ìgbà náà, ṣùgbọ́n fún ọ̀pọ̀ ọdún, àwọn onímọ̀ kà á sí ohun tí ó ti sọnù. Ní ọdún 2016, wọ́n rí i nínú ilé ìtọ́jú fíìmù orílẹ̀-èdè ní Jos. Ilé-iṣẹ́ Arsenal ní Berlin bá wọn tún un ṣe, ó sì jáde fún òǹwòran níbi àjọ̀dún fíìmù Berlin ní ọdún 2018. Ní nǹkan bí àkókò yìí kan náà, ní ọdún 2015, Didi Cheeka, alámèyítọ́ fíìmù ní Èkó, ti ṣèèṣì bá agolo fíìmù tí ó ti dípẹtà pàdé nínú àwọn yàrá tí Colonial Film Unit ìjọ́hun lò ní Ìkòyí.

Ẹ jẹ́ kí ẹni tí ń ka ìtàn méjèèjì yìí fi wọ́n wé ara wọn. Shaihu Umar kò kúrò nílé rárá. Kò sí olè tí ó jí i, iná kò jó o. Ilé tí òfin ní kí ó wà náà ni ó wà, síbẹ̀ gbogbo ayé ń ṣọ̀fọ̀ rẹ̀. Ti Doctor Who yàtọ̀: ẹni tí ó wá a dé Jos mọ ohun tí ó ń wá. Ìwé kan wà lọ́wọ́ rẹ̀ tí ó to orúkọ gbogbo ìpín tí ó sọnù lẹ́sẹẹsẹ, pẹ̀lú ọjọ́ tí wọ́n fi í hàn àti orílẹ̀-èdè tí wọ́n tà á fún. Kì í ṣe òṣìṣẹ́ BBC nìkan ni ó ṣe irú àkójọ bẹ́ẹ̀. Àwọn òǹwòran lásán, tí wọ́n fẹ́ràn eré náà láti kékeré, ni ó fi ọ̀pọ̀ ọdún ṣe iṣẹ́ náà. Àwọn kan nínú wọn ti gbé ẹ̀rọ agbohùnsílẹ̀ síwájú tẹlifíṣàn ilé wọn nígbà tí eré náà ń lọ lọ́wọ́. Ìdí nìyí tí ohùn gbogbo ìpín tí ó sọnù fi wà títí di òní bí kò tilẹ̀ sí àwòrán.

Ẹ̀kọ́ tí ó wà níbẹ̀ ṣe kedere. Ẹni tí kò mọ iye ewúrẹ́ tí ó so mọ́lẹ̀ kò lè mọ èyí tí ó já. Àwọn ará Bírítéènì lè wá ohun tí wọ́n sọ nù dé ilẹ̀ wa nítorí pé wọ́n ní àkọsílẹ̀ rẹ̀. Níbo ni àkọsílẹ̀ àwọn eré Yorùbá tí ó jáde lórí tẹlifíṣàn Ìbàdàn láàárín ọdún 1959 sí 1977 wà, tí ó to àkọlé, ọjọ́, òṣèré àti olùdarí wọn lẹ́sẹẹsẹ, tí akẹ́kọ̀ọ́ sì lè mú lọ́wọ́ kà? Títí irú àkójọ bẹ́ẹ̀ yóò fi wà, àní bí wọ́n bá gbé téèpù náà síwájú ẹni, ẹni náà kò ní mọ̀ pé ìṣúra ni.

Ìbẹ̀rù Olè àti Àbùkù Ìfipamọ́

Ìdí mìíràn wà tí fíìmù Yorùbá fi ṣòro rí. Láti ìgbà tí Ọlá Balógun ti darí Àjàní Ògún ní ọdún 1976, nínú èyí tí Dúró Ládípọ̀ àti Adéyẹmí Afọláyàn ti kópa, fíìmù Yorùbá gbilẹ̀ ní ilé sinimá. Ìjà Òmìnira, tí wọ́n mú jáde láti inú Ọmọ Olókùn Ẹṣin ti Fálétí, tẹ̀lé e; àwọn fíìmù Ògúndé, Aiyé, Jáíyésinmi, Àròpin N'tènìyàn àti Àyànmọ́, náà tẹ̀lé e títí di òpin àwọn ọdún 1980. Ní ìgbà náà, òkè òkun ni wọ́n ti ń fọ fíìmù aláwọ̀ mèremère wọ̀nyí. Nígbà mìíràn, nẹ́gẹ́tíìfù, ìyẹn ìyá tí wọ́n ti ń tẹ ẹ̀dà jáde, a máa wà ní ilẹ̀ àjèjì nígbà tí oníṣẹ́ ń gbé ẹ̀dà kan ṣoṣo kiri ilé sinimá títí yóò fi ya.

Àwọn ajífíìmùdàkọ tún wá dá kún un. Gbogbo ènìyàn ni ó mọ ohun tí ojú Bàbá Sàlá rí lórí Ọ̀run Móoru, tí ó jáde ní ọdún 1982: wọ́n jí i dà sórí fídíò, wọ́n tà á kiri, gbèsè sì di ti oníṣẹ́. Ó yẹ kí ènìyàn bá oníṣẹ́ kẹ́dùn bí ó bá ti ibẹ̀ lọ ti ilẹ̀kùn mọ́ fíìmù rẹ̀, tí kò sì jẹ́ kí ẹnikẹ́ni fọwọ́ kàn án. Ṣùgbọ́n agolo tí wọ́n tì mọ́ yàrá gbígbóná nítorí olè, olè mìíràn ni ó ń jí i níbẹ̀, èyí tí kì í fọ́ ilẹ̀kùn. Bí ọdún bá gorí ọdún, àwọn ọmọ yóò jogún agolo tí ó ń rùn bí ọtí kíkan.

Ìdáàbòbò oníṣẹ́ àti ìtọ́jú iṣẹ́ rẹ̀ kò takora. Òfin ẹ̀tọ́ oníṣẹ́ ti ọdún 2022 wà láti gbèjà ẹni tí ó ni iṣẹ́. Ilé ìtọ́jú lè gba ẹ̀dà fíìmù, kí ó tọ́jú rẹ̀, kí ẹ̀tọ́ títà àti fífihàn sì wà lọ́wọ́ oníṣẹ́ tàbí àwọn ọmọ rẹ̀ gẹ́gẹ́ bí ìwé àdéhùn bá ti là á kalẹ̀. Ẹni tí ó gbé ẹrù pamọ́ sọ́dọ̀ aládùúgbò kò tíì ta ẹrù rẹ̀.

Ìṣàfihàn: Ohun tí Olùkọ́ Gbọ́dọ̀ Kíyè Sí

Bí wọ́n bá ti rí fíìmù, tí wọ́n sì ti tún un ṣe, iṣẹ́ kejì ṣẹ̀ṣẹ̀ bẹ̀rẹ̀ ni. Fíìmù kì í purọ́ nípa ohun tí ó wà níwájú kámẹ́rà, ṣùgbọ́n ó lè purọ́ nípa ìdí tí ohun náà fi wà níbẹ̀. Daybreak in Udi, tí ó jáde ní ọdún 1949, jẹ́ àpẹẹrẹ pàtàkì. Ó sọ bí àwọn ará ìletò kan ní ilẹ̀ Ìgbò ṣe fi ọwọ́ ara wọn kọ́ ilé ìgbẹ̀bí, ó sì gba ẹ̀bùn Oscar gẹ́gẹ́ bí fíìmù tí ó sọ òtítọ́. Síbẹ̀ wọ́n ti kọ ìtàn náà sílẹ̀ kí wọ́n tó yà á, àwọn ará ibẹ̀ ṣe eré rẹ̀, òṣìṣẹ́ ìjọba amúnisìn E. R. Chadwick sì ni akọni inú rẹ̀. Olùkọ́ tí ó bá fi í han ọmọ kíláàsì láìsọ èyí ti fi ìpolongo ìjọba kọ́ wọn ní ìtàn. Olùkọ́ tí ó bá sọ ọ́ yóò kọ́ wọn ní ohun méjì lẹ́ẹ̀kan ṣoṣo: bí ìletò náà ṣe rí, àti bí amúnisìn ṣe fẹ́ kí ayé rí i.

Àwọn kan ti fi ọ̀nà hàn. Ní ọdún 2010, àwọn ilé ìtọ́jú àti onímọ̀ ní Bírítéènì, tí British Film Institute àti Imperial War Museum wà lára wọn, gbé àkójọ fíìmù ayé amúnisìn jáde. Orúkọ fíìmù tí ó wà níbẹ̀ ju 6,000 lọ, wọ́n sì kọ àlàyé ìtàn àti àyẹ̀wò sí ẹ̀gbẹ́ ọ̀pọ̀ nínú wọn. Fíìmù tí wọ́n yà ní Nàìjíríà wà níbẹ̀. Àlàyé yìí ni ó sọ àwòrán di ẹ̀kọ́.

Ohun mìíràn ni ọ̀wọ̀ fún àwọn tí wọ́n yà. Ní ọdún 1970, Frank Speed àti Peggy Harper gbé fíìmù lórí Gẹ̀lẹ̀dẹ́ jáde. Lónìí tí UNESCO ti ka Gẹ̀lẹ̀dẹ́ kún ogún gbogbo ẹ̀dá láti ọdún 2001 lórúkọ Benin, Nàìjíríà àti Togo, irú fíìmù bẹ́ẹ̀ kì í ṣe ti ìlú kan ṣoṣo mọ́. Ojú agbo ni Gẹ̀lẹ̀dẹ́ ti ń jó, gbogbo ènìyàn ni ó sì lè wò ó. Ṣùgbọ́n kì í ṣe gbogbo ohun tí kámẹ́rà yà ni ó jẹ́ ti gbangba. Awo ní ibi tí ó mọ, èèwọ̀ sì wà fún ojú. Ilé ìtọ́jú tí ó bá ní àwòrán ètùtù tí kì í ṣe ti gbogbo ènìyàn gbọ́dọ̀ kàn sí àwọn tí ó ni ín kí ó tó fi í hàn. Ìtọ́jú lè jẹ́ ti gbogbo rẹ̀. Ìṣàfihàn gbọ́dọ̀ ní ìwọ̀n.

Ẹ̀ẹ̀kẹta ni òtítọ́ nípa fíìmù fúnra rẹ̀. Fíìmù aláìlóhùn ayé àtijọ́ a máa lọ díẹ̀díẹ̀ ju ti òde òní lọ. Bí wọ́n bá fi ẹ̀rọ òde òní yí i láìtún ìwọ̀n rẹ̀ ṣe, àwọn baba wa yóò máa sáré tẹ̀tẹ̀tẹ̀ bí adìyẹ, àwọn ọmọ kíláàsì yóò sì bú sẹ́rìn-ín. Ẹ̀rín yẹn kì í ṣe ẹ̀bi àwọn baba wa. Bákan náà ni fífi ohùn, orin tàbí àwọ̀ tuntun kún fíìmù láìsọ fún òǹwòran: ó yẹ kí òǹwòran mọ ohun tí ó jẹ́ ti ìgbà náà àti ohun tí wọ́n fi kún un lẹ́yìn.

Iṣẹ́ tí Ó Wà Nílẹ̀ fún Olùkọ́ àti Akẹ́kọ̀ọ́

Kíkọ́ yàrá títutù fún fíìmù kì í ṣe iṣẹ́ tí kọ́lẹ́ẹ̀jì ìkọ́ṣẹ́ olùkọ́ni lè dá ṣe. Ti ìjọba ni. Ṣùgbọ́n àwọn iṣẹ́ kan wà tí kò béèrè owó púpọ̀, tí ó sì jẹ́ pé bí olùkọ́ kò bá ṣe é, kò sí ẹni tí yóò ṣe é.

Èkíní ni àkójọ ohun tí ó sọnù. Àwọn ìwé ìròyìn ìgbà náà máa ń tẹ ètò tẹlifíṣàn ọ̀sẹ̀ jáde, a sì lè rí ọ̀pọ̀ nínú wọn ní ilé ìtọ́jú àkọsílẹ̀ orílẹ̀-èdè tí ó wà ní Yunifásítì Ìbàdàn. Akẹ́kọ̀ọ́ tí ó bá fi iṣẹ́ àṣekágbá rẹ̀ kó gbogbo eré Yorùbá tí wọ́n kéde láàárín ọdún kan ṣoṣo jọ ti fi òkúta ìpìlẹ̀ kan lélẹ̀. Èkejì ni ìfọ̀rọ̀wánilẹ́nuwò pẹ̀lú àwọn àgbà òṣèré, olùyàwòrán àti olóòtú tí ó ṣì wà láyé. Wọ́n mọ ohun tí ó wà nínú agolo tí kò ní orúkọ lára. Ẹ̀kẹta ni téèpù inú ilé. Láti òpin àwọn ọdún 1980 tí eré fídíò Yorùbá ti bẹ̀rẹ̀ sí í jáde, ọ̀pọ̀ ìdílé ni ó ti gba ètò tẹlifíṣàn, ìgbéyàwó, ìwúyè àti ọdún ìbílẹ̀ sórí VHS. Ohun tí ilé-iṣẹ́ parẹ́ lè wà nínú àpótí ìyá àgbà kan ní Ìsẹ́yìn tàbí Iléṣà.

Bí irú téèpù bẹ́ẹ̀ bá bọ́ sọ́wọ́, kí wọ́n kọ́kọ́ kọ orúkọ, ọjọ́, ibi àti ẹni tí ó ni ín sílẹ̀ kí wọ́n tó fọwọ́ kan ohun mìíràn. Kí wọ́n má ṣe dán an wò lórí ẹ̀rọ tí ó dọ̀tí. Bí wọ́n bá ti dà á sínú kọ̀ǹpútà, kí ẹ̀dà rẹ̀ jẹ́ mẹ́ta, lórí oríṣi ohun èlò méjì, kí ọ̀kan sì wà ní ibòmíràn tí iná tàbí omi ilé yìí kò lè dé, nítorí kọ̀ǹpútà náà a máa kú. Kí wọ́n má sì ju téèpù náà nù lẹ́yìn tí wọ́n ti dà á kọ. Ọjọ́ 27 oṣù Kẹwàá, tí UNESCO yà sọ́tọ̀ lọ́dọọdún láti ọdún 2005 fún ogún àwòrán àti ohùn, lè jẹ́ ọjọ́ tí kọ́lẹ́ẹ̀jì yóò máa fi ohun tí wọ́n bá rí han àwọn ará ìlú. Nígbà tí àgbà kan bá dìde níbẹ̀ tí ó sọ pé òun mọ ẹni tí ń lù dùndún nínú àwòrán yẹn, àkọsílẹ̀ ti gbòòrò sí i.

Ìkádìí

Iṣẹ́ yìí ti fi hàn pé tẹlifíṣàn àkọ́kọ́ ní Nàìjíríà bẹ̀rẹ̀ ní ilẹ̀ Yorùbá pẹ̀lú ẹ̀kọ́ lọ́kàn. Pé ooru, ọ̀rinrin, àìsí ẹ̀rọ, àtúnlò téèpù àti ìbẹ̀rù olè ti gba púpọ̀ nínú ohun tí ó yẹ kí ó ṣẹ́kù. Àti pé àìní àkọsílẹ̀ ni ó mú kí èyí tí ó ṣẹ́kù gan-an dà bí èyí tí ó ti kú. Ìlú Jos kọ́ni ní ọgbọ́n méjì: ohun tí àjèjì sọ nù lè wà lórí pẹpẹ wa, ohun tí ó jẹ́ tiwa náà sì lè wà níbẹ̀ láìjẹ́ pé a mọ̀. Àwọn àjèjì mú ìwé ohun tí wọ́n ń wá dání, wọ́n sì rí i. Àwọn olùkọ́ Yorùbá ni ó kàn láti kọ ìwé tiwọn, nígbà tí àwọn tí ó lè ka orúkọ ojú tí ó wà nínú àwòrán ṣì wà láàyè.